Ìpín Mùnírátù Lórí Àjà

Ilé Mísísì Péjì,
Etí Òkun, Ìlú Òyìnbó.
9 Oṣù Kẹwàá, 1955.

Ìyá mi Kúlúsúmù,

Mo kúnlẹ̀ kí yín láti ibi tí ilẹ̀ ti tutù tó bẹ́ẹ̀ tí orúnkún ń dun ọmọdé. Ṣé ara yín le? Ẹsẹ̀ yín tó máa ń wú lásìkò òjò ńkọ́, ṣé ó ti fà? Bàbá mi ńkọ́? Ṣé ohùn wọn ṣì ń jí gbogbo Ijede nídàájí? Kò sí ládánì níbí tí yóò pe ìrun fún èèyàn. Aago kékeré kan ló ń jí mi, ohùn rẹ̀ sì dà bíi ti adìẹ tí wọ́n tẹ̀ lẹ́sẹ̀. Bó bá ti ké, màá dijú, màá fi ohùn bàbá mi rọ́pò rẹ̀ lọ́kàn mi, kí n tó dìde lọ ṣe àlùwàlá.

Iṣẹ́ nọ́ọ̀sì tí mo wá kọ́ ń lọ dáadáa. Ọ̀dọ̀ opó àgbàlagbà kan ni mo ń gbé, Mísísì Péjì lorúkọ rẹ̀. Ó ń sọ̀rọ̀ jẹ́ẹ́jẹ́, ó sì máa ń fi ìgò omi gbígbóná sórí bẹ́ẹ̀dì mi kí n tó sùn.

Ìyá mi, ẹ jókòó dáadáa kí Tíṣà Olúsànyà tó ka èyí tó kàn fún yín. Mo rí karawun ẹ̀gbà níbí! Karawun wa o, èyí tí ètè rẹ̀ mú bí abẹ, tí a máa ń ṣí kúrò lára gbòǹgbò igi ẹ̀gbà nígbà tí omi ọ̀sà bá fà. Èyí tí àwọn ọmọ Ìkòròdú fi máa ń bú wa nílé ìwé pé ọmọ ajẹkarawun, ọmọ tí kò rówó ra ẹran. Ọ́ísítà ni wọ́n ń pè é. Oúnjẹ àwọn ọlọ́lá ni! Mo dúró lẹ́yìn gíláàsì fèrèsé ilé oúnjẹ kan, mo rí àwọn ọkùnrin tó wọ kóòtù tó wọ táì, wọ́n to karawun náà sórí omi dídì, wọ́n fún ọsàn wẹ́wẹ́ sí i, wọ́n sì gbé e mì ní tútù, láàyè rẹ̀, wọ́n dijú bí ẹni tí ń ṣe àdúrà. Mo fẹ́ lu gíláàsì náà kí n sọ fún wọn pé, “Ìyá mi ní gbogbo etí omi kan tó kún fún eléyìí!” Ẹnu mi ò lè pa dé títí mo fi délé.

Ọkọ Mísísì Péjì, nígbà ayé rẹ̀, ọkọ̀ tó ń wú karawun náà nínú òkun ló ń wà. Lọ́dọọdún, tó bá di àyájọ́ ọjọ́ tí ọkọ rẹ̀ kú, ó máa ń se oúnjẹ tí ọkùnrin náà fẹ́ràn. Lọ́dún yìí làkúègbé ti mú un lọ́wọ́, kò lè di ọ̀bẹ mú. Ó ní kí n ran òun lọ́wọ́. Mo mú karawun àkọ́kọ́, mo fi ẹnu ọ̀bẹ wá oríkèé rẹ̀ bí ẹ ṣe kọ́ mi, mo yí i lẹ́ẹ̀kan, ó là. Ó pariwo, “Ta ló kọ́ ọ?” Mo ní, “Ìyá mi ni.” Omi lé ròrò lójú rẹ̀. Mo rò pé mo ṣẹ̀ ẹ́ ni, ó ní rárá, ọkọ òun nìkan lòun rí tó ń là á bẹ́ẹ̀.

Ẹran ẹlẹ́dẹ̀ tí wọ́n fi iyọ̀ pa, tí wọ́n fi èéfín yan gbẹ, ni wọ́n fi ń wé e. Béékìn lorúkọ rẹ̀. Wọ́n á gé e fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́, wọ́n á fi wé karawun kọ̀ọ̀kan bí a ṣe ń fi ọ̀já wé ọmọ, wọ́n á gún un mọ́ irin tín-ín-rín, wọ́n á yí i nínú ìyẹ̀fun, ó di inú òróró gbígbóná. Ìyá mi, òórùn yẹn! Gbogbo ilé gbà á. Orúkọ tí wọ́n pè é ló wá yà mí lẹ́nu jù: Málàíkà Orí Ẹṣin. N kò mọ ẹni tó sọ ọ́ bẹ́ẹ̀.

Ẹ má bẹ̀rù, ọwọ́ ni mo fi bá a wé e, n kò fẹnu kan ẹlẹ́dẹ̀. Mo dín karawun tèmi lọ́tọ̀ nínú páànù mìíràn, mo sì fi ọṣẹ fọ ọwọ́ mi títí ó fi funfun. Ohun tí mo rí ló pọ̀ jù fún mi tí n kò fi lè pa á mọ́ra.

Ẹ bá mi fi ata gbígbẹ ránṣẹ́. Ẹ sì sọ fún bàbá mi pé kí wọ́n má jẹ́ kí eku jẹ ìpín Iléyá mi tí wọ́n gbé sórí àjà. Tí mo bá rántí pé ẹran kan wà lókè ìdáná tó ń dúró dè mí, òtútù ibí máa ń dín kù.

Èmi ọmọ yín,
Mùnírátù.


Ijede, lẹ́bàá Ìkòròdú.
20 Oṣù Kọkànlá, 1955.

Mùnírá mi, Àjọkẹ́,

Ara le, ẹsẹ̀ ti fà. Inú ni kò dùn.

Ọmọ yìí, ta ló ní kí o kọ ọ̀rọ̀ ẹlẹ́dẹ̀ sínú lẹ́tà? O mọ bí bàbá rẹ ṣe rí. Bí lẹ́tà rẹ bá dé, kì í jẹ́ kí a kà á nínú yàrá. Ó ti di àṣà rẹ̀: ó di Jímọ́ọ̀, lẹ́yìn ìrun, ní gbàgede mọ́ṣáláṣí, lójú Lèmọ́mù àti gbogbo àgbà. Ó tún máa ń pín obì fún àwọn tó wá gbọ́. Olúsànyà tó jẹ́ ọmọ ṣọ́ọ̀ṣì á bọ́ bàtà rẹ̀ sẹ́yìn àtẹ̀gùn, á dúró, á máa kà á bí ìwàásù. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe rí lọ́jọ́ náà. Wọ́n rẹ́rìn-ín sí ọ̀rọ̀ aago rẹ. Nígbà tó kan àwọn tó ń gbé karawun mì láàyè, Lèmọ́mù ní “Àlàhù Àkúbárù!” Bàbá rẹ ń wò yíká bí ẹni pé òun ló dá òkun.

Ó wá kan ẹran ẹlẹ́dẹ̀. Olúsànyà kò dúró, ó kà á dé ibi tí o ti ní o kò jẹ ẹ́, tí o ní o fọ ọwọ́ rẹ, ṣùgbọ́n ta ló kù tí etí rẹ̀ ń gbọ́? Àgbà kan gbọn agbádá rẹ̀, ó ní, “Ládánì, ọmọ ẹ ti ń fọwọ́ wé ẹlẹ́dẹ̀ bí ọmọ àbíkẹ́yìn o.” Ó dìde, àwọn yòókù tẹ̀ lé e. Wọ́n fi obì sílẹ̀.

Nígbà tí a délé, bàbá rẹ ní, “Ọwọ́ tí mo dì mú kọ́ ní Kùránì, òun ló fi ń wé ẹlẹ́dẹ̀.” Mo ní o kò jẹ ẹ́. Ó ní ta ló béèrè jíjẹ lọ́wọ́ mi. Lọ́jọ́ kejì ó ká ẹní rẹ̀, ó wọkọ̀ lọ sí Ẹ̀pẹ́, sílé ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Ó ní òun ò lè gun òkè pe àwọn èèyàn wá kírun nígbà tí wọ́n bá ń rántí ẹlẹ́dẹ̀ tí wọ́n bá gbọ́ ohùn òun. Ẹni tó ń pe ìrun nísinsìnyí, Ọlọ́run má bínú sí mi, ó ń wúkọ́ láàárín rẹ̀.

Mùnírá, ohun tó burú jù ni mo fẹ́ sọ fún ọ. Kó tó jáde, ó nàka sókè ìdáná. Ó ní kí n gbé ìpín rẹ sọ̀ kalẹ̀, kí n dà á sí ọ̀sà.

O mọ ohun tí ìyẹn jẹ́ nínú ilé bàbá rẹ. Ẹni tó bá wà lájò nígbà Iléyá, wọ́n á gé ìpín tirẹ̀ lára àgbò, wọ́n á yan án gbẹ, yóò máa dúró dè é. Níwọ̀n ìgbà tí ẹran bá wà lórí àjà, ilé ṣì ń retí onítọ̀hún. Bí ẹnikẹ́ni nínú ilé bá jẹ ẹ́, ó ti fẹnu ara rẹ̀ gbà pé ẹni náà ṣì jẹ́ ara ilé; kò tún gbọdọ̀ lé e, òun gan-an ni yóò fi òmíràn rọ́pò. Ìyá bàbá rẹ jẹ ìpín àbúrò ọkọ rẹ̀ tó wà ní Kùmásì lọ́dún ìyàn, ó sì ń ránṣẹ́ pè é títí ọkùnrin náà fi wálé. Ṣùgbọ́n ẹni tí wọ́n bá da tirẹ̀ sí omi, kò ní ìjókòó mọ́ nínú ilé náà nìyẹn. Ẹ̀rù bà mí láti gbọ́ ọ lẹ́nu ẹni tó bí ọ.

N kò dà á nù. Mo wé e sínú aṣọ, mo gbé e padà sókè, mo tì í sẹ́yìn apẹ̀rẹ̀. Bó bá wá bèèrè, Ọlọ́run á fi ọ̀rọ̀ sí mi lẹ́nu.

Síbẹ̀, ọmọ mi, n kò lè purọ́ fún ọ: láti ọjọ́ tí mo ti gbọ́ lẹ́tà yẹn ni mo ti ń rò ó. Bí mo bá débi ẹ̀gbà, màá kàn dúró, màá máa wo karawun lára igi. Ọlọ́run tó lẹ̀ ẹ́ mọ́ gbòǹgbò níhìn-ín ló tún lọ fi sínú òkun tí n kò lè dé láéláé, ó sì jẹ́ kí ọmọ mi débẹ̀ kó dá a mọ̀. Ta ni mo jẹ́ tí irú èyí fi ń ṣẹlẹ̀ sí mi?

Sọ bí wọ́n ṣe ń dín in fún mi. Sọ gbogbo rẹ̀, má fo ìkankan. Ó ní ohun tí mo ń rò.

Ìyá rẹ,
Kúlúsúmù.

(Èmi Olúsànyà tí mo kọ ọ́, mo tọrọ àforíjì. Ojú mi ti rí ọ̀rọ̀ náà kí ẹnu mi tó dé ibẹ̀, ṣùgbọ́n ẹnu ti ń sáré.)


Ilé Mísísì Péjì.
15 Oṣù Kejìlá, 1955.

Bàbá mi, Ládánì Ijede,

Àsàlámù àlàékúmù. Mo dọ̀bálẹ̀, mo kúnlẹ̀, mo ṣe méjèèjì pọ̀.

Ìyá mi sọ fún mi pé Ẹ̀pẹ́ ni ẹ wà. Mo fi lẹ́tà yìí ránṣẹ́ sí Ijede nítorí pé Ijede ni ilé yín. Ẹ jọ̀ọ́, bàbá mi, ẹ gbọ́ tẹnu mi. Obìnrin tí mo ń gbé lọ́dọ̀ rẹ̀ kò lè lo ọwọ́ rẹ̀ lọ́jọ́ tó ń rántí ọkọ rẹ̀. Mo yá a ní ọwọ́ mi. Ẹ̀yin lẹ kọ́ mi pé opó kì í ṣe ẹni tí à ń kọjá lára rẹ̀. N kò rò pé màá rántí ẹ̀kọ́ yín kan kí n fi gbàgbé òmíràn.

Ẹ bá mi wí. Mo fara mọ́ ọn. Ṣùgbọ́n ìpín mi, bàbá mi, ẹ má jẹ́ kí omi gbé e. Ibi tí mo wà yìí, kò sí ẹni tó mọ ọmọ ẹni tí mo jẹ́. Tí ẹ bá tún sọ pé ẹ ò mọ̀ mí, ta ni n óò jẹ́?

Ẹ fún mi lésì, ì báà jẹ́ ọ̀rọ̀ kan péré.

Ọmọ yín,
Mùnírátù.


Ilé Mísísì Péjì.
29 Oṣù Kìíní, 1956.

Ìyá mi ọ̀wọ́n,

Mo kí yín o. Ata dé, Mísísì Péjì tọ́ ọ wò, ó mu omi títí, ó tún ní kí n bu díẹ̀ sí i fún òun.

Bàbá mi kò fèsì. Lójoojúmọ́ tí mo bá ti ibi iṣẹ́ dé, màá kọ́kọ́ wo ẹ̀yìn ilẹ̀kùn níbi tí wọ́n ń ju lẹ́tà sí. Ṣé wọ́n ti gbọ́ ọ ni, àbí wọn ò jẹ́ kí wọ́n kà á? Ẹ má fi pamọ́ fún mi. Mo ti ń bínú díẹ̀ báyìí, mo sọ ọ́ fún yín kí n má bàa máa gbé e káàkiri. Ẹni tó ń pín obì nítorí lẹ́tà mi, tó wá ká ẹní sá nítorí lẹ́tà mi! Ṣé ìyìn àwọn àgbà ni wọ́n fẹ́ràn ni, àbí èmi?

Mo ka ohun tí mo kọ yìí, ó fẹ́ ṣe mí bíi kí n pa á rẹ́. Mo fi í sílẹ̀.

Yìnyín bọ́ lánàá. Mo sáré jáde láìwọ bàtà, Mísísì Péjì ń pariwo lẹ́yìn mi. Ìyá mi, ó ń bọ̀ láti òkè láìpariwo rárá, bí òwú tí ẹnì kan ń gbọ̀n. Ilé, igi, ọkọ̀ ojú omi, gbogbo rẹ̀ funfun bí àwọn tó wọ aṣọ háràmí lọ hájì. Mo dúró síbẹ̀, ó ń bọ́ sórí irun mi, mo ń sọ pé “Súbáhánà Láì.” Mo fẹ́ kí ẹ rí i. Mo fẹ́ kí bàbá mi rí i. Inú tó ń bí mi rọlẹ̀ díẹ̀.

Bí wọ́n ṣe ń dín in nìyí. Ẹ ṣa èyí tó sanra. Ẹ là á, ẹ má da omi inú rẹ̀ nù, omi yẹn ni ẹ ó fi bọ̀ ọ́ fẹ́ẹ́rẹ́, títí etí rẹ̀ yóò fi bẹ̀rẹ̀ sí í ká. Tó bá pẹ́ jù, ó di rọ́bà. Ẹ gbọn omi ara rẹ̀ nù dáadáa, nítorí omi ló ń mú òróró bínú. Béékìn yẹn, iyọ̀ àti èéfín ló fi ń dùn, kì í ṣe ẹlẹ́dẹ̀ inú rẹ̀; Mísísì Péjì ló sọ bẹ́ẹ̀ fúnra rẹ̀. Ó gbọ́dọ̀ fẹ́lẹ́. Ẹ wé e, ẹ gún un mọ́ igi kí igi náà di ìdí ẹran mú, kó má bàa tú. Ẹ yí i nínú ìyẹ̀fun tí ẹ ti po ata mọ́. Òróró gbọ́dọ̀ gbóná kó tó wọ̀ ọ́. Ẹ yí i padà lẹ́ẹ̀kan, kó pọ́n, ẹ yọ ọ́, ẹ fún ọsàn wẹ́wẹ́ lé e, kí ẹ sì jẹ ẹ́ ní gbígbóná.

Mísísì Péjì ní kí n sọ fún bàbá mi pé òun lòun ni ẹ̀bi. Mo ní bàbá mi kò gbọ́ Òyìnbó. Ó ní, “Bàbá ni, yóò gbọ́.”

Ọmọ yín,
Mùnírátù.


Ijede.
25 Oṣù Kẹta, 1956.

Àjọkẹ́ ọmọ mi,

Mo mọ̀ pé o ti bú mi tán nínú ọkàn rẹ pé mo dákẹ́. Bú mi, mo gbà á. Karawun ni mo ń dúró dè. O mọ̀ pé lásìkò òjò, omi dídùn máa ń pọ̀ nínú ọ̀sà, karawun á rù, á dà bí ètè ẹni tó gbààwẹ̀. Ìgbà tí ọ̀gbẹlẹ̀ bá mú, tí iyọ̀ òkun wọlé, ló ń sanra. Ó sanra lọ́dún yìí, Mùnírá. N kò rí irú rẹ̀ rí.

Lẹ́tà tí o kọ sí bàbá rẹ dé. Mo fi rán ẹni tó ń lọ sí Ẹ̀pẹ́ sí i, ó ní kí wọ́n dá a padà láìtú. Ó wà níbí lábẹ́ ìrọ̀rí mi. Ọjọ́ tó padà dé yẹn ni mo pinnu pé èmi náà á dé Ẹ̀pẹ́ kí ààwẹ̀ tó wọlé.

Susannah, ará Ìlàjẹ tó ń pẹja lápá ọ̀dọ̀ wa, ló fi ọkọ̀ rẹ̀ gbé mi wọ abẹ́ ẹ̀gbà. Omi ti fà, gbòǹgbò gbogbo yọ síta, karawun bò wọ́n láti òkè délẹ̀. Susannah ní, “Ìyá Mùnírá, kí lẹ máa fi gbogbo eléyìí ṣe?” Mo ní, “Mo fẹ́ fi gbé ọkọ mi wálé.” Ó rẹ́rìn-ín títí ọkọ̀ fi fẹ́ dojú dé. Ó ní òun mọ ẹni tó ń fi ẹja fẹ́ ọkọ, òun ò tíì rí ẹni tó ń fi karawun fẹ́ ẹ lẹ́ẹ̀kejì. N kò là á. Mo kó o láàyè sínú àpò tí mo ti rẹ sómi.

Mo wá gun àpótí, mo gbé ìpín rẹ sọ̀ kalẹ̀.

Ó ti gbẹ, ó ti dúdú, iyọ̀ hàn lára rẹ̀, òórùn èéfín ilé wa ló ń rùn. Mo gbé e símú. Iyọ̀ àti èéfín, ohun tí o kọ nìyẹn. Ẹ̀rù bà mí, Mùnírá, bíi pé nǹkan náà ti mọ̀ tẹ́lẹ̀ ohun tí wọ́n máa lò ó fún. Mo dì í, mo fi sí ìsàlẹ̀ agbọ̀n, mo wọ ọkọ̀ ẹlẹ́ńjìnnì ní Ìkòròdú.

Nílé ẹ̀gbọ́n bàbá rẹ, ìyàwó rẹ̀ Fàósátù gbà mí tọwọ́tẹsẹ̀. Mo ní kó má tíì sọ pé mo dé. Mo rẹ ẹran náà sínú omi gbígbóná títí ó fi rọ̀, mo gé e fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́. Fàósátù ya imọ̀ ọ̀pẹ tútù fún mi, mo fá ọwọ̀ rẹ̀, òun ni mo fi ṣe igi. Ìyẹ̀fun àgbàdo ni mo lò, àti òróró àgbọn. Èyí tí mo kọ́kọ́ dà sí i bà jẹ́: n kò gbọn omi rẹ̀ nù tó, òróró ta sókè, Fàósátù sá jáde nílé ìdáná, ó ń ké pé karawun ń yìnbọn. Èkejì ló gbà. Ó pọ́n, ó ń ké wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́, ẹran rẹ ká mọ́ ọn pẹ́kípẹ́kí. Àwa méjèèjì dúró tì í, à ń wò ó. Láti ìgbà tí mo ti ń se oúnjẹ, n kò rí ohun tó jáde nínú ìkòkò mi tó rí bẹ́ẹ̀.

Bàbá rẹ gbọ́ òórùn náà láti gbàgede. Ó jókòó sórí ẹní, ó ti rù. Ó rí mi, ó ní, “Kúlúsúmù, kí lo wá ṣe?”

Mo kúnlẹ̀. Mo ní, “Mo gbé oúnjẹ wá fún ọkọ mi.”

Ó wo abọ́. O mọ̀ pé karawun ni ẹ̀mí bàbá rẹ. Ó mú igi kan, ó fà á jẹ. Ojú rẹ̀ yí padà. Ó jẹ èkejì lára igi náà. Ó ní, “Ta ló kọ́ ẹ ní eléyìí? Ẹran kí ló wà lára ẹ̀?”

“Ẹran àgbò ni.”

“Àgbò ìgbà wo?”

“Àgbò Iléyá.”

Ó ní, “Iléyá tó ti lọ tipẹ́? Ẹran ta ló tún kù nílẹ̀?”

Mo ní, “Ìpín Mùnírá ni.”

Fàósátù ká ọwọ́ lérí. Bàbá rẹ rọra gbé igi náà padà sínú abọ́. Mo ní, “Èyí tí ẹ jẹ yẹn, ẹ ò mọ̀, mi ò ní kà á sí yín lọ́rùn. Ẹ lè ní kí n da èyí tó kù sómi, ọ̀sà ò jìnnà. Ṣùgbọ́n ọwọ́ yín ni kó ti bọ́, kì í ṣe ọwọ́ tèmi.” N kò mọ ibi tí mo ti rí ẹnu yẹn.

Ó dìde. Ó bọ́ síta. A gbọ́ ìró omi àlùwàlá, ó lọ kírun àsárì. Abọ́ wà nílẹ̀, oúnjẹ ń tutù, èmi sì wà lórí ìkúnlẹ̀. Mo ti ń rò ó bí n óò ṣe sọ ọ́ fún ọ. Ó pẹ́ kó tó wọlé. Ó jókòó, ó fa abọ́ náà mọ́ra, ó ní “Bìsìmílàì” kí gbogbo ilé lè gbọ́. Ó mú igi tó gbé sílẹ̀. Ó jẹ ẹ́. Ó mú òmíràn. Kò fi ẹyọ kan sílẹ̀ fún Fàósátù tó ti ń gbé itọ́ mì. Nígbà tó jẹ ẹ́ tán, ó ní, “O ò tíì sọ ẹni tó kọ́ ẹ.”

Mo ní, “Ọmọ yín tó ń fọwọ́ kan ẹlẹ́dẹ̀ ni.”

Ó rẹ́rìn-ín, Mùnírá. Ó rẹ́rìn-ín, omi sì ń bọ́ lójú rẹ̀ wọnú irùngbọ̀n. Èmi àti Fàósátù wojú ara wa.

Lọ́jọ́ kejì ó ká ẹní rẹ̀, a jọ wọkọ̀. Lórí omi ó bi mí pé, “Kí lo ní wọ́n ń pe oúnjẹ yẹn?” Mo ní, “Málàíkà Orí Ẹṣin.” Ó kọjú sí omi títí a fi dé Ìkòròdú. N kò mọ ohun tó ń rò. Ẹnu tirẹ̀ ni kí o ti gbọ́ èyí tó kù.

Ìyá rẹ,
Kúlúsúmù.

(Èmi Olúsànyà: mo tọ́ ọ wò. Ìyá dín òmíràn fún mi, ẹran màlúù ló fi wé e. Mo lá igi rẹ̀.)


Ijede.
8 Oṣù Kẹrin, 1956.

Mùnírátù,

Èmi bàbá rẹ ni mo ń sọ̀rọ̀, Olúsànyà ló ń kọ ọ́. Mo ti ní kó tú lẹ́tà tí o kọ sí mi. Inú yàrá ni mo ti ní kó kà á. Inú yàrá ni n óò ti máa gbọ́ tìrẹ láti òní lọ. Mo tún ní kó ka èyí tí o kọ sí ìyá rẹ, níbi tí o ti bèèrè bóyá ìyìn àwọn àgbà ni mo fẹ́ràn. Ìbéèrè rẹ dára. Ìdáhùn rẹ̀ kò wù mí.

Má tún fọwọ́ kan ẹlẹ́dẹ̀ mọ́ tí o bá lè yẹra fún un. Tí o kò bá lè yẹra fún un nítorí ẹni tí kò ní ọwọ́, fọ ọwọ́ rẹ, kí o kírun rẹ. N kò ní sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Orúkọ oúnjẹ yẹn kọ́kọ́ bí mi nínú. Málàíkà kì í ṣe ohun tí à ń dín lóróró. Ṣùgbọ́n nínú ọkọ̀, omi dákẹ́ rọ́rọ́, mo wá rántí Ànábì Ibrahima. Ọ̀bẹ ti wà lọ́wọ́ rẹ̀, ọmọ rẹ̀ ti dùbúlẹ̀. Ta ló mú àgbò dé? Málàíkà ni. Lọ́dọọdún ni mo ń pa àgbò, lọ́dọọdún ni mo ń gbọ́ ìtàn náà lẹ́nu Lèmọ́mù, n kò rò ó rí pé ọ̀bẹ lè wà lọ́wọ́ èmi náà. Nígbà tí mo ní kí ìyá rẹ da ìpín rẹ sómi, mo ti gbé ọ̀bẹ náà sókè. Obìnrin yìí ló gbé àgbò wọ ọkọ̀, tó gbé e wá bá mi ní Ẹ̀pẹ́. Ẹ̀rù Ọlọ́run bà mí lórí omi yẹn, ọmọ mi.

Mo ti jẹ ìpín rẹ tán, mo sì mọ ohun tí mo ń ṣe. Mo ti rí àgbò tí n óò rà fún Iléyá tó ń bọ̀. Méjì ni n óò gé sọ́tọ̀ lára rẹ̀, ìkan tìrẹ, ìkan ti ìyá àgbà tí o ń gbé lọ́dọ̀ rẹ̀. Sọ fún un pé kò ní ẹ̀bi. Sọ fún un pé mo gbọ́.

Mo gun òkè pe ìrun ìdájí lánàá. Wọ́n ní ohùn mi lọ sókè ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. N kò sọ fún wọn pé ibi tó ń lọ ló jìnnà sí i.

Bàbá rẹ,
Láwàl, Ládánì.